Ohun tó wà níkàwọ́ ẹni: ẹ jẹ́ ká sọ̀rọ̀ lórí ọgbọ́n Epictetus àti ọkàn tí kì í balẹ̀

Aránṣọ Adó

Ẹ kú ilé o, gbogbo ọmọ Èkìtì, nílé, lóko àti lẹ́yìn odi. Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo fẹ́ ká jọ gbé yẹ̀ wò.

Iṣẹ́ aránṣọ ni mò ń ṣe ní Adó. Ẹ mọ bí iṣẹ́ náà ṣe rí. Oníbàárà á ní Sátidé lòun máa gba aṣọ, iná á lọ láti Ọjọ́rú, epo jẹnẹrétọ̀ á wọ́n, ọmọ iṣẹ́ á ní ara òun ò yá. Onílé tún wá ní òun fẹ́ fi owó kún owó ṣọ́ọ̀bù. Gbogbo ìyẹn, mo lè fàyà rán an lójú ọ̀sán. Òru ló ń pa mí. Bí mo bá ti fi orí lélẹ̀ báyìí, ọkàn mi á bẹ̀rẹ̀: bí oníbàárà yẹn bá bú mi lójú èèyàn ńkọ́, bí mi ò bá rí owó ṣọ́ọ̀bù san ńkọ́, owó WAEC ọmọ mi ńkọ́. Bẹ́ẹ̀ ni màá ṣe títí àkùkọ á fi kọ.

Àbúrò mi tó wà ní Ìbàdàn fi ìwé kékeré kan ránṣẹ́ sí mi, Enchiridion ni orúkọ rẹ̀, ọ̀rọ̀ Epictetus, ọ̀kan nínú àwọn onímọ̀ ọgbọ́n ayé àtijọ́ tí wọ́n ń pè ní Stoiki. Ó bẹ̀rẹ̀ ìwé náà báyìí pé àwọn nǹkan kan wà níkàwọ́ wa, àwọn mìíràn ò sí níkàwọ́ wa. Èrò wa, ohun tí a dáwọ́ lé, ohun tí a ń fẹ́ àti ohun tí a ń sá fún, tiwa nìyẹn. Ara wa, dúkìá wa, orúkọ tí ayé ń pè wá àti ipò wa, ìyẹn ò sí lọ́wọ́ wa. Ó dùn ún kà lóòótọ́. Àmọ́ láago méjì òru, báwo lèèyàn ṣe ń lò ó? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má wulẹ̀ sọ fún mi pé kí n ṣe sùúrù. Ẹ sọ ohun tí ẹ̀yin ń ṣe gan-an.

Tíṣà Ìkọ̀lé

Ọmọ mi, o káre. N óò sọ ohun tí mò ń ṣe, ṣùgbọ́n jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ irú ẹni tí Epictetus jẹ́, torí ó kan ìbéèrè rẹ.

Ẹrú ni. Wọ́n bí i ní Hierapolis, tó wà ní ilẹ̀ Tọ́kì òde òní, ní nǹkan bí ọdún 50 lẹ́yìn ìbí Kristi. Ẹsẹ̀ rẹ̀ kan sì rọ. Epaphroditus, òṣìṣẹ́ pàtàkì ní ààfin ọba Nero, ló ni ín ní Róòmù. Nígbà tó gba òmìnira, ó ń kọ́ àwọn èèyàn níbẹ̀ títí ọba Domitian fi lé àwọn onímọ̀ ọgbọ́n jáde nílùú. Ó kó lọ sí Nicopolis ní ilẹ̀ Gíríìkì, ó sì dá ilé ẹ̀kọ́ sílẹ̀. Kò fọwọ́ ara rẹ̀ kọ ìwé kankan. Arrian, akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀, ló kọ ohun tó ń sọ sílẹ̀. Torí náà, nígbà tó o bá kà á pé ara ẹni kò sí níkàwọ́ ẹni, ẹni tí ẹsẹ̀ rẹ̀ rọ ló ń sọ ọ́. Nígbà tó ní dúkìá kò sí níkàwọ́ ẹni, òun fúnra rẹ̀ ti jẹ́ dúkìá ẹlòmíràn rí. Mo máa ń rántí ìyẹn bí mo bá ń kà á, ó sì máa ń jẹ́ kí n fara balẹ̀ gbọ́ ọ.

Ohun tí mò ń ṣe wá nìyí. Ìwé ọmọ iléèwé kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ibùsùn mi pẹ̀lú bírò. Bí èrò bá jí mi lóru, màá tan tọ́ọ̀ṣì fóònù, màá fa ilà sí àárín ojú ewé. Lápá òsì, màá kọ ohun tó ṣẹlẹ̀ nìkan, bí ẹni tó ń jẹ́rìí ní kóòtù. Lápá ọ̀tún, màá kọ ohun tí ọkàn mi fi kún un.

Ẹ wo ọ̀kan. Mo pe ọmọ mi ọkùnrin tó wà l'Ábùjá lálẹ́ ọjọ́ kan, kò gbé e. Ohun tí mo kọ sápá òsì kò ju pé: "Mo pe ọmọ mi. Kò gbé fóònù." Apá ọ̀tún ló kún dé ìsàlẹ̀: ó ti gbàgbé mi, ìyàwó rẹ̀ ló ní kó má gbé e, bí mo ṣe máa darúgbó tí ẹnikẹ́ni ò ní bojú wẹ̀yìn wò mí nìyí. Nígbà tí mo ka ojú ewé náà tán, mo rí i pé gbogbo ohun tó ń jẹ mí lọ́kàn, apá ọ̀tún ló wà, kò sì sí ọ̀kan nínú wọn tó tíì ṣẹlẹ̀.

Orí karùn-ún ìwé tí àbúrò rẹ fún ọ ló wà, pé kì í ṣe nǹkan ló ń da ọkàn èèyàn rú bí kò ṣe èrò tí wọ́n gbà nípa nǹkan náà. Níbòmíràn, ó ní bí èrò kan bá já wọlé, ká sọ fún un pé: "Dúró dè mí díẹ̀. Jẹ́ kí n wo ohun tí o jẹ́." Èrò máa ń wá láìpè, kò sẹ́ni tó lè ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn. Àmọ́ láàárín kó yọjú àti kí o gbà á gbọ́, àyè kékeré kan wà. Ibẹ̀ ni mo ti ń bá ara mi ṣiṣẹ́.

Lẹ́yìn náà, mo máa ń kọ ohun kan ṣoṣo tí ọwọ́ mi lè ṣe lọ́la sísàlẹ̀ ojú ewé. Ní ti onílé rẹ, lọ bá a lọ́sàn-án gangan, béèrè iye tó fẹ́ fi kún un àti ìgbà tó máa gbà á, sọ iye tí agbára rẹ ká. Ohun tó máa fi dá ọ lóhùn kò sí lọ́wọ́ rẹ. Lílọ rẹ wà lọ́wọ́ rẹ.

Ọmọ Ọ̀yẹ́

Ẹ kú iṣẹ́, Bàbá. Mo bọ̀wọ̀ fún yín, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ tọkàn mi.

Ọ̀rọ̀ yìí ń kọ mí lóminú. Bí nǹkan bá le nílẹ̀ yìí, tálákà ni wọ́n máa ń sọ fún pé kó gba kámú. Òṣìṣẹ́ ò rí owó oṣù gbà, kó gba kámú. Iná ò sí, kó gba kámú. Ọ̀nà bàjẹ́, kó gba kámú. Tí a bá tún wá kọ́ ọ pé ohun tí kò sí níkàwọ́ rẹ̀ kò gbọ́dọ̀ dà á láàmú, ta ló máa béèrè ẹ̀tọ́? Marcus Aurelius, Stoiki tí gbogbo ayé ń kì, ọba tó jẹ lórí ilẹ̀ Róòmù láti ọdún 161 sí 180 ni. Seneca tí òun náà jẹ́ Stoiki, olówó rẹpẹtẹ ni, òun ló kọ́ Nero ní kékeré, òun ló tún ń gbà á nímọ̀ràn nígbà tó jọba. Ó rọrùn fún irú wọn láti ní owó kò jẹ́ nǹkan kan.

Oní-tòmátì Ọjà Ọba

Ọmọ Ọ̀yẹ́, mo gbọ́ ọ, òótọ́ wà nínú ọ̀rọ̀ rẹ. Mo fẹ́ kí o gbọ́ tèmi náà, èmi tí mi ò jọba, tí mi ò sì lówó.

Òkè Ọya ni tòmátì wa ti ń bọ̀. Ọkọ̀ tó kó ẹrù wa fọ́ sọ́nà kí ó tó dé Lọ́kọ́ja. Ìgbà tó fi máa wọ Adó, omi pupa ti ń kán láti ìdí ọkọ̀, eṣinṣin ti bo gbogbo ẹ̀yìn ẹ̀. Àwọn kan lára wa ń sunkún, àwọn kan ti di ṣẹ́ẹ̀tì dẹ́rẹ́bà mú. Àyà tèmi náà ń já, kì í ṣe pé mo le ju àwọn yòókù lọ. Mo kàn sọ nínú mi pé èyí tó ti bàjẹ́ ti bàjẹ́, ẹkún mi ò ní jí i. Ó ku èyí tí kò tíì bàjẹ́.

Mo da apẹ̀rẹ̀ àkọ́kọ́ sórí tàpólì, mo jókòó tì í, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ṣà á. Èyí tó ṣì le, apá kan. Èyí tó ti rọ̀ àmọ́ tí kò tíì rùn, apá kan. Mo pe àwọn olóúnjẹ tí mo mọ̀ lórí fóònù, ọ̀kọ̀ọ̀kan, mo ní kí wọ́n máa bọ̀ wá kó èyí tó rọ̀ ní pọ́ọ́kú, wọ́n sì kó o tán kí ilẹ̀ tó ṣú. Èyí tó ti jẹrà, mo kó o dànù. Mo pàdánù owó, ó sì dùn mí. Ṣùgbọ́n mi ò pàdánù gbogbo rẹ̀, mi ò sì ba àárín èmi àti dẹ́rẹ́bà jẹ́. Òun ló ṣì ń kó ẹrù mi.

Ọmọbìnrin mi ló kà á sí mi létí lẹ́yìn náà pé Marcus yẹn kọ ọ́ sínú ìwé rẹ̀ pé ohun tó dí iṣẹ́ lọ́nà á padà di ohun tí iṣẹ́ fi ń tẹ̀síwájú. Mo ní kó tún un kà.

Tíṣà Ìkọ̀lé

Ìyá, ẹ kú orí ire. Ọmọ Ọ̀yẹ́, má bínú pé mo pẹ́, iná ni kò sí.

Ohun tí o bẹ̀rù, ó yẹ ká bẹ̀rù rẹ̀. Ẹni tó bá fi ọ̀rọ̀ yìí pa aláìní lẹ́nu mọ́ ń lò ó ní ìlòkulò. Ìwà mẹ́rin ni àwọn Stoiki gbà pé ó ṣe pàtàkì jù láyé: ọgbọ́n, ìgboyà, ìwọ̀ntúnwọ̀nsì àti òdodo. Èèyàn ò lè yọ òdodo kúrò kó ní òun ṣì ń tẹ̀ lé wọn.

Epictetus fúnra rẹ̀ sọ ìtàn Helvidius Priscus fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀. Ọmọ ìgbìmọ̀ aṣòfin Róòmù ni Helvidius. Ọba Vespasian ránṣẹ́ sí i pé kó má wá sí ìpàdé. Ó fèsì pé: "Ẹ lè yọ mí kúrò nínú ìgbìmọ̀, ṣùgbọ́n níwọ̀n ìgbà tí mo bá ṣì wà níbẹ̀, mo gbọ́dọ̀ wá." Ọba ní tó bá wá, kó dákẹ́. Ó ní: "Ẹ má béèrè èrò mi, màá dákẹ́." Ọba ní òun ò lè ṣe kí òun má béèrè. Ó ní òun náà ò lè ṣe kí òun má sọ ohun tó tọ́. Ọba ní: "Bí o bá sọ ọ́, màá pa ọ́." Ó ní: "Ìgbà wo ni mo sọ fún yín pé èmi kì í kú? Tiyín ni láti pa mí, tèmi ni láti kú láì gbọ̀n." Wọ́n lé e kúrò nílùú, wọ́n sì pa á lẹ́yìn náà.

Ẹni tó ti mọ ohun tó jẹ́ tirẹ̀ kò ṣeé fi ikú dẹ́rù bà, kò sì ṣeé rà. Ọmọ Èkìtì ni wá, ó yẹ kí èyí yé wa. Ọjọ́ 29 oṣù Keje ọdún 1966, nígbà tí àwọn sójà wá mú Aguiyi-Ironsi tó jẹ́ àlejò Adékúnlé Fájuyì ní Ìbàdàn, ìtàn tí wọ́n fi tọ́ wa dàgbà ni pé Fájuyì kò gbà kí wọ́n mú àlejò òun lọ láìmú òun. Wọ́n pa àwọn méjèèjì. Kò sí ẹni tó lè sọ pé gba-kámú ni ìyẹn.

Nítorí náà, wọ́ọ́dù rẹ bá ní ọ̀nà tí kò dára, kọ lẹ́tà, pe ìpàdé, dìbò, bá aṣojú rẹ wí. Iṣẹ́ ọwọ́ rẹ nìyẹn. Bóyá wọ́n á ṣe é lọ́dún yìí, ìyẹn ni kò gbọdọ̀ gba oorun lójú rẹ.

Ọmọ Ọ̀yẹ́

Mo gbọ́, Bàbá. Ìtàn Helvidius yẹn wọ̀ mí lákínyẹmí ara. Síbẹ̀, ti Seneca kò tíì tẹ́ mi lọ́rùn. Nínú lẹ́tà rẹ̀ kẹtàdínláàádọ́ta, ó ní ẹrú pẹ̀lú èèyàn ni, ká máa bá wọn jẹun, ká má lù wọ́n. Ọ̀rọ̀ ńlá. Síbẹ̀ ó ní ẹrú nílé, kò sì sọ pé kí wọ́n dá wọn sílẹ̀.

Tíṣà Ìkọ̀lé

Òótọ́ ni, n kò ní gbè é lẹ́yìn lórí ìyẹn. Ó kọ ọ́ sí ọ̀rẹ́ rẹ̀ Lucilius nínú lẹ́tà mìíràn pé òun kì í ṣe dókítà tó ń wo aláìsàn sàn. Àwọn méjèèjì jọ dùbúlẹ̀ sí wọ́ọ̀dù kan náà ni, òun sì ń sọ oògùn tí òun ń lò fún un. Bí mo ṣe ń kà á nìyẹn. A gba oògùn náà, a ò sì bo àìsàn ẹni tó fún wa mọ́lẹ̀.

Nọ́ọ̀sì Òru

Ẹ kú ìjókòó, ẹ̀yin àgbà. Aránṣọ, ẹ̀gbọ́n mi, mo rí ohun kan nínú ọ̀rọ̀ yín tí mo fẹ́ fọwọ́ kàn, torí mo máa ń rí i lọ́dọ̀ àwọn tó ń wá sọ́dọ̀ wa.

Àwọn èèyàn máa ń rò pé ẹni tó bá ń tẹ̀ lé ẹ̀kọ́ yìí, àyà rẹ̀ kò gbọdọ̀ já mọ́. Bó bá wá já, wọ́n á ní àwọn ò ṣe é dáadáa, wọ́n á tún bẹ̀rẹ̀ sí í ro ìyẹn náà. Aulus Gellius, òǹkọ̀wé Róòmù kan, sọ ìtàn ọkọ̀ ojú omi tí òun àti onímọ̀ Stoiki kan jọ wọ̀ lọ sí Brundisium. Ìjì mú wọn lóru mọ́jú. Ojú Stoiki náà funfun bíi tàwọn yòókù, àmọ́ kò ké, kò sì pohùn réré. Nígbà tí omi rọlẹ̀, ọlọ́rọ̀ kan fi ṣe yẹ̀yẹ́ pé ọlọ́gbọ́n náà bẹ̀rù. Gellius wá bi í ní ìdákẹ́jẹ́, ọkùnrin náà sì fa ìwé Epictetus yọ nínú àpò rẹ̀ láti fi hàn án: bí nǹkan ẹ̀rù bá ṣẹlẹ̀ lójijì, ojú ọlọ́gbọ́n pàápàá á funfun, àyà rẹ̀ á já. Ara ló ń ṣe bẹ́ẹ̀, kò gba àṣẹ lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Ohun tó yàtọ̀ ni pé ọlọ́gbọ́n kò ní fọwọ́ sí i pé ohun burúkú ti dé.

Mo ń lò ó lẹ́nu iṣẹ́. Kí n tó wọ wọ́ọ̀dù, màá dúró lẹ́nu ọ̀nà, màá rán ara mi létí ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ lóru: ẹnì kan á pariwo mọ́ mi, ibọ̀wọ́ lè má tó, ẹni tí mo ń tọ́jú lè má rí ilẹ̀ mọ́. Marcus máa ń ṣe irú rẹ̀ láàárọ̀, ó ní lónìí òun á pàdé aláìmoore, agbéraga, ẹlẹ́tàn, wọn kò sì lè sọ òun di bí wọ́n ṣe rí. Ọkùnrin kan na ìka sí mi lójú lóru kan, ó ní a fẹ́ pa ìyá òun. Mo ń ka bí omi dírípù ìyá náà ṣe ń kán lọ́wọ́. Mo ní: "Ẹ jẹ́ kí n ka èyí tán, sà, nítorí màmá yín ni mo ṣe ń kà á." Mo ń wo omi náà bó ṣe ń kán, ẹ̀dọ̀ mi ń rọ̀, ojú mi sì ń là sí i pé ẹ̀rù ló ń ba ọkùnrin yìí. Nígbà tí mo yíjú sí i, ohùn rẹ̀ ti wálẹ̀. Ká ní kò wálẹ̀ ńkọ́? N óò ṣì ti ka dírípù náà tán.

Ọ̀rọ̀ kan kù tó ṣe pàtàkì jù. Ọ̀nà ìtọ́jú kan wà tí wọ́n ń pè ní CBT, tí dókítà tàbí onímọ̀ ọkàn á fi bá èèyàn wo èrò tó ń yọ ọ́ lẹ́nu bóyá òótọ́ ni. Aaron Beck tó gbé e kalẹ̀ ní Amẹ́ríkà ní àwọn ọdún 1960, àti Albert Ellis tó ṣáájú rẹ̀, àwọn méjèèjì tọ́ka sí àwọn Stoiki pé ibẹ̀ ni gbòǹgbò rẹ̀ wà. Nítorí náà ohun tí Bàbá ń kọ sínú ìwé wọn lóru yẹn kì í ṣe nǹkan kékeré. Ṣùgbọ́n bí oorun ò bá wá fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan, bí oúnjẹ ò bá wọlé mọ́, tàbí bí èrò pé kí èèyàn kú bá ń yọjú, ẹ má dá nìkan fi ìwé wò ó. Àwọn dókítà tó ń tọ́jú àìsàn ọkàn wà ní ilé ìwòsàn ńlá EKSUTH ní Adó. Àìsàn ni, bí ibà ṣe jẹ́ àìsàn. Kò sí ìtìjú níbẹ̀.

Díákónì Ẹ̀fọ̀n

Mo ti ń ka gbogbo yín látẹnu àárọ̀. Àwọn kan nínú ìjọ wa á ní nǹkan kèfèrí ni. Kí wọ́n ṣí Ìṣe Àwọn Àpọ́sítélì orí 17 ẹsẹ 18: Pọ́ọ̀lù bá àwọn Stoiki sọ̀rọ̀ ní Áténì. Nígbà tó dé ẹsẹ 28, ó fa ọ̀rọ̀ akéwì Gíríìkì yọ fún wọn pé ọmọ Ọlọ́run ni a jẹ́. Kò sá fún wọn.

Ohun tó wú mi lórí jù wà ní orí 18. Gálíò, gómìnà Ákáyà tó lé àwọn tó fẹ̀sùn kan Pọ́ọ̀lù kúrò nílé ẹjọ́, ẹ̀gbọ́n Seneca ni. Novatus ni orúkọ rẹ̀ kí wọ́n tó sọ ọ́ di ọmọ ilé mìíràn, òun sì ni Seneca kọ ìwé rẹ̀ lórí ìbínú sí. Nínú ìwé náà ni Seneca ti sọ pé lálẹ́, bí wọ́n bá ti gbé fìtílà kúrò, tí ìyàwó òun sì ti dákẹ́, òun á yẹ gbogbo ọjọ́ náà wò, ohun tí òun sọ àti ohun tí òun ṣe, òun kò ní fi nǹkan kan pamọ́ fún ara òun. Ó ní oorun tó máa ń tẹ̀ lé e máa ń dùn. Èmi ti so ó mọ́ àdúrà alẹ́ mi. Aránṣọ, ẹ lè gbìyànjú rẹ̀: ẹ yẹ ọjọ́ wò kí ọjọ́ tó yẹ̀ yín wò lórí ibùsùn.

Alájà Basírí

Àwa Mùsùlùmí náà, a kì í sọ pé a máa ṣe nǹkan lọ́la kí á má fi "bí Ọlọ́run bá fẹ́" kún un. Mo kà á pé Seneca ní kí èèyàn máa sọ pé: "Màá wọkọ̀ ojú omi, àyàfi bí nǹkan bá dí mi lọ́nà." Ẹni tó bá ti fi àyè sílẹ̀ báyìí, ìjákulẹ̀ kì í bá a lójijì. Mo ń lò ó fún ọjà mi, mo sì ń lò ó fún ọ̀rọ̀ àwọn ọmọ mi.

Ìyá Ìjerò

Ẹ má bínú o. Gbogbo rẹ̀ dára, ṣùgbọ́n ọ̀kan wà tí mi ò lè gbà. Ọmọ mi fi ìwé yẹn hàn mí, níbi tó ti ní bí èèyàn bá ń fẹnu ko ọmọ rẹ̀ lẹ́nu, kó sọ fún ara rẹ̀ pé ẹni tó lè kú ni òun ń fẹnu kò. Kí ló dé? Ta ló ń fi ẹnu ara rẹ̀ pe irú nǹkan bẹ́ẹ̀? Mo ti sin ọmọ. Kò sí ìmúrasílẹ̀ kankan tó lè mú kó má dùn mí. Bí wọ́n bá ní kí n má sunkún, kí wọ́n pa ìwé wọn dé.

Nọ́ọ̀sì Òru

Màmá, ẹ kú ọ̀fọ̀, Ọlọ́run á tù yín nínú. Ẹ jẹ́ kí n dá yín lóhùn pẹ̀lú ọ̀wọ̀.

Wọn kò ní kí ẹ má sunkún. Nígbà tí ọ̀rẹ́ Lucilius kan kú, Seneca kọ̀wé sí i pé kí ojú má gbẹ, kó má sì di àgbàrá. Ó jẹ́wọ́ níbẹ̀ pé nígbà tí Serenus ọ̀rẹ́ òun kú, ìbànújẹ́ borí òun. Marcus àti ìyàwó rẹ̀ Faustina bí ọmọ tó lé ní mẹ́wàá, púpọ̀ nínú wọn ni wọ́n sì sin ní kékeré. Marcus náà mọ iboji ọmọ.

Ọ̀rọ̀ ẹnu kíkò yẹn, bí mo ṣe gbà á ni pé kí èèyàn má fi ọmọ ṣe ohun tí yóò wà láéláé, kí ó wò ó dáadáa nígbà tó wà lọ́wọ́ rẹ̀. Bí mo bá ti iṣẹ́ òru dé, tí ọmọ mi ń fi ọwọ́ tó kún fún ẹ̀kọ fà mí láṣọ, mi ò ní lé e, bó ti wù kó rẹ̀ mí tó. Mo mọ ohun tí mo rí níbi iṣẹ́. Mi ò ní pe ikú sí i lórí, àṣà wa kò gba ìyẹn, èmi náà ò sì fẹ́. Àmọ́ mi ò ní pẹ́ kí n tó gbé e.

Ìyá Ìjerò

O ṣeun, ọmọ mi. Mo gbọ́ ìyẹn. Èyí tó kù, èmi á fi í sílẹ̀ fún àwọn tó lè gbé e.

Aránṣọ Adó

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo yín, mo ka ọ̀rọ̀ yín kan ní ṣọ́ọ̀bù fún àwọn ọmọ iṣẹ́ mi. Mo ti bá onílé sọ̀rọ̀. Ó fi owó kún un lóòótọ́, kò tó iye tí mo ń rò lóru, ó sì gbà kí n máa san án ní ìdajì-ìdajì. Màmá Ìjerò, ẹ kú ìfaradà. Èmi pẹ̀lú á fo ojú ewé yẹn.

Ọmọ Èkìtì lókè òkun

Ẹ kú ìjíròrò. Ilẹ̀ Jámánì ni mo wà, òtútù àti ìdánìkanwà ń bá mi jà níbí. Ìwé wo ni kí n fi bẹ̀rẹ̀, kí n má bàa sọnù sínú wọn?

Tíṣà Ìkọ̀lé

Ọmọ mi, bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú Enchiridion Epictetus tí a ń sọ láti àárọ̀. Orí 53 ni, púpọ̀ nínú wọn kò ju ìpínrọ̀ kan lọ. Ka ẹyọ kan láàárọ̀, má kà á bí ìwé ìròyìn. Lẹ́yìn náà, lẹ́tà Seneca sí Lucilius. Lẹ́tà 124 ló wà, má kà wọ́n tẹ̀ léra. Bẹ̀rẹ̀ láti ìkẹtàlá, níbi tó ti sọ pé a máa ń jìyà nínú ìrònú ju bí a ṣe ń jìyà ní tòótọ́ lọ. Bó o bá dé ọ̀dọ̀ Marcus, Meditations ni orúkọ ìwé rẹ̀, apá 12 ló ní, wọ́n ń pe ọ̀kọ̀ọ̀kan ní ìwé. Lójú ogun ní ìhà odò Danube, kò jìnnà sí ibi tí o wà yẹn, ló ti kọ díẹ̀ nínú rẹ̀, fún ara rẹ̀ nìkan. Ìwé kìíní jẹ́ ìdúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn tó tọ́ ọ, láti orí bàbá bàbá rẹ̀ dé orí àwọn olùkọ́ rẹ̀. Àwọn kan máa ń fò ó. Ìwọ má fò ó. Bó o bá kà á tán, mú bírò, kọ tìrẹ, kí o sì pe ẹni àkọ́kọ́ tó wà nínú rẹ̀ lórí fóònù bó bá ṣì wà láyé.